Ta Ni Ó Ni Ẹ̀dínwó Náà?

   Ẹ rọra kà á. Bí ẹ bá dé ibi tí ó le, ẹ dúró, ẹ tún un kà.

Ọjà kan wà tí ìjọba máa ń fi owó lé lórí kí iye rẹ̀ lè wálẹ̀, kí mẹ̀kúnnù lè rí i rà. Àwọn kan a sì gbé irú ọjà bẹ́ẹ̀ gba ẹ̀yìn lọ, wọn a tà á ní owó gọbọi níbi tí a kò rán an lọ. Kí ni òfin ń ṣe fún ẹni tó gbé e? Kí ni ó ń ṣe fún ẹni tó tà á, àti fún ẹni tó kàn gbà á sílé? Ohun tí a ó bá yín sọ nìyẹn. Epo bẹntiróòlù ni a ó fi bẹ̀rẹ̀, nítorí òun ni gbogbo wa mọ̀.

Ní Gbégamey níhìn-ín, ní ìlú Kútọnù, tábìlì onígi kì í wọ́n lẹ́bàá ọ̀nà. Ìgò ni wọ́n ń tò sórí wọn: ti lítà 1, ti lítà 2, àti ìgò gbàǹgbà ọlọ́rùn tóóró. Ohun tó wà nínú wọn ń dán bí oyin. Ọlọ́kadà wa, tí a ń pè ní zẹ́míjàn, á dúró. Ẹni tó ni tábìlì á ki àrọ bọ ẹnu táǹkì alùpùpù, á fi aṣọ sẹ́ epo, á dà á sí i. Ọlọ́kadà á sanwó, á lọ. Kpayo ni wọ́n ń pè é. Ọ̀rọ̀ Gùn ni. Ohun tí kì í ṣe ojúlówó ni ìtumọ̀ rẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, kpayo yìí pọ̀ ju epo ilé epo lọ nínú ohun tí a ń lò ní Benin.

Níbo ni ó ti ń wá? Nàìjíríà ni. Wọ́n ń kó o gba Ìdíròkò bọ́ sí Ìgóló. Wọ́n ń kó o gba Sèmè bọ́ sí Krákè. Wọ́n ń fi ọkọ̀ ojú omi gbé e, wọ́n sì ń fà á gba inú igbó. Ọkùnrin kan ṣoṣo lórí alùpùpù a máa so kẹ́ẹ̀gì mọ́ iwájú, mọ́ ẹ̀yìn, mọ́ ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, títí a kò fi ní rí ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ́.

Èé ṣe tí epo náà fi dínwó tó bẹ́ẹ̀ ní Nàìjíríà nígbà náà? Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé nítorí pé ilẹ̀ wọn ni epo rọ̀bì ti ń jáde ni. Kò rí bẹ́ẹ̀ tán. Nàìjíríà ń wa epo rọ̀bì lóòótọ́, ṣùgbọ́n fún ọdún púpọ̀ òkè òkun ni ó ti ń ra èyí tó pọ̀ jù nínú bẹntiróòlù tí a ti fọ̀. Ìjọba ló ń san lára owó náà. Owó ìrànwọ́ orí epo ni wọ́n ń pè é.

Ẹ jẹ́ kí a ṣe ìṣirò, bí a ti ń ṣe é ní kíláàsì. Ẹ mú ìwé àti pẹ́ńsù. Ká ní lítà epo 1 ná ìjọba ní 400 náírà kí ó tó dé ilé epo. Ìjọba ní kí wọ́n tà á fún ará ìlú ní 185 náírà. Ẹ yọ 185 kúrò nínú 400. Ó ku 215. Ta ni yóò san 215 yẹn? Àpò ìjọba ni. Kí ni ó wà nínú àpò ìjọba? Owó orí wa, owó ibodè wa, owó ohun tó wà lábẹ́ ilẹ̀ wa. Nítorí náà, nínú kẹ́ẹ̀gì lítà 25, owó gbogbo ìlú tó wà níbẹ̀ jẹ́ 215 lọ́nà 25. Ẹ ṣe é. Ó jẹ́ 5,375 náírà. Ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì 10 kọjá bodè gbé 53,750 náírà tí kì í ṣe tirẹ̀ lọ, yàtọ̀ sí owó tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ san.

Ibí yìí gan-an ni àríyànjiyàn ti máa ń bẹ̀rẹ̀. Bí a bá bá oníkẹ́ẹ̀gì wí, ohun tí yóò sọ ni pé: “Owó mi ni mo fi rà á. Mi ò fọ́ ilé ẹnikẹ́ni. Mi ò jalè.” Ọ̀rọ̀ rẹ̀ dùn ún gbọ́, ìdajì rẹ̀ sì jẹ́ òótọ́. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wò ó báyìí. Ká ní ẹgbẹ́ wa dá owó jọ, ó ra iṣu, ó ní kí a tà á fún àwọn opó abúlé ní ìdajì owó. Lágbájá lọ sọ pé opó ni òun rà á fún. Ó san ìdajì owó. Ó gbé iṣu náà lọ sí ọjà ìlú mìíràn, ó tà á ní odidi owó. Ṣé ó sanwó? Ó sanwó. Ṣé ó jalè? Ẹ bi àwọn opó tó délé tí wọn kò bá iṣu. Ìdajì tí Lágbájá san jẹ́ tirẹ̀. Ìdajì kejì kì í ṣe tirẹ̀, kì í sì í ṣe ti ẹni tó ta iṣu fún un. Ti opó ni. Ọ̀nà yìí ni òfin ń gbà wo ọjà ẹ̀dínwó ní ọ̀pọ̀ ibi. Ní orílẹ̀-èdè Íńdíà, níbi tí mẹ̀kúnnù ti ń fi káàdì gba ìrẹsì àti àlìkámà ní iye díẹ̀, òfin wọn ti ọdún 1955 lè rán ẹni tó bá darí irú ọjà bẹ́ẹ̀ gba ibòmíràn lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún 7, wọ́n sì lè gba ọjà náà àti ọkọ̀ tó gbé e.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí Nàìjíríà, níbi tí epo wa ti ń gbéra. Ní 1975 ìjọba ibẹ̀ ṣe òfin kan nítorí àwọn tó ń mọ̀ọ́mọ̀ dí wíwa epo àti pípín epo lọ́wọ́. Ìjìyà tí wọ́n kọ sínú rẹ̀ ni ikú, tàbí ẹ̀wọ̀n tí kò ju ọdún 21 lọ. Ní 1984, lábẹ́ ìjọba ológun, wọ́n tún gbé òfin mìíràn jáde. Òun ni ó di èyí tí wọ́n ń pè ní Miscellaneous Offences Act. Òun ni a máa ń lò jù fún àwọn tí a bá mú pẹ̀lú epo. Ó sọ pé ẹnikẹ́ni tó bá kó epo wọlé, tàbí kó o jáde, tàbí tà á, tàbí pín in, láìní ìwé àṣẹ, ẹ̀wọ̀n gbére ni ìjìyà rẹ̀. Ọkọ̀ tí ó fi kó o, ìbáà jẹ́ ọkọ̀ ilẹ̀ tàbí ti omi, ti di ti ìjọba.

Ẹ tún un kà. Ẹ̀wọ̀n gbére. Òfin kò sọ pé ó di ìgbà tí ó bá kún táńkà. Kò sọ pé ó di kẹ́ẹ̀gì 100. Ohun tí ó ń béèrè ni pé: ìwé àṣẹ dà?

Ní tòótọ́, adájọ́ kì í sábà sọ ọlọ́jà kékeré sí ẹ̀wọ̀n gbére. Iléeṣẹ́ EFCC ni ó máa ń gbé ọ̀pọ̀ nínú wọn lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀. Púpọ̀ nínú wọn a gbà pé àwọn jẹ̀bi, adájọ́ a sì dá ẹ̀wọ̀n tó kéré sí èyí fún wọn, tàbí kí ó ní kí wọ́n san owó ìtanràn. Ṣùgbọ́n epo ti lọ, ọkọ̀ ti lọ. Bí ó bá jẹ́ ọkọ̀ tí ẹ fi owó èsúsú rà ńkọ́? Èsúsú kò mọ̀ pé ìjọba ti gba ọkọ̀. Ọjọ́ rẹ̀ á pé, wọn á sì kan ilẹ̀kùn.

Ẹ má rò pé oníkẹ́ẹ̀gì nìkan ni ó ń dá iṣẹ́ yìí ṣe. Rárá o. Kí kẹ́ẹ̀gì tó kún, ẹnì kan ti ṣí ẹ̀rọ ilé epo fún un. Ilé epo ní ìlú tó wà lẹ́bàá bodè gba táńkà kan, wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé pé fún ará ìlú náà ni. Ní ọ̀sán, wọ́n ní epo ti tán. Ní òru, ẹ̀rọ ń ṣiṣẹ́, kẹ́ẹ̀gì tò lọ bẹẹrẹ. Nígbà tí ó di oṣù kọkànlá ọdún 2019, nígbà tí Nàìjíríà ti ti bodè rẹ̀ pa láti oṣù kẹjọ, ọ̀gá àgbà àwọn aṣọ́bodè Nàìjíríà, Hameed Ali, pàṣẹ pé kí wọ́n má ṣe já epo mọ́ sí ilé epo kankan tó wà láàárín kìlómítà 20 sí bodè. Ẹ ro ohun tí èyí jẹ́ fún àwọn ará Ìdíròkò, fún ará Ìmẹ̀kọ, fún ará Ìlárá. Ìyá tó ń lọ ẹ̀gẹ́ pẹ̀lú ẹ̀rọ kò ṣe fàyàwọ́ rí. Ẹ̀rọ rẹ̀ dákẹ́. Ìjìyà tí kò sí ilé ẹjọ́ kankan tó dá a nìyẹn, ó sì kan odidi ìlú nítorí ohun tí àwọn díẹ̀ ń ṣe ní òru.

Àwọn ńlá ńkọ́? Mo mọ̀ pé ìbéèrè yìí wà lọ́kàn yín, nítorí wọn a máa bi mí ní kíláàsì. Ní ọjọ́ kìíní ọdún 2012, ìjọba Goodluck Jonathan mú owó ìrànwọ́ orí epo kúrò. Epo fò láti 65 náírà lọ sí nǹkan bí 141. Ará ìlú dáṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n jáde sí títì, ìjọba sì mú un wá sí 97. Lẹ́yìn náà ni ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin wádìí, tí wọ́n sì sọ ní oṣù kẹrin ọdún náà pé bílíọ̀nù 6.8 dọ́là ni ó ti bọ́ sọnù nínú owó ìrànwọ́ náà láàárín ọdún 2009 sí 2011. Àwọn oníṣòwò kan ti gba owó ìrànwọ́ fún epo tí wọn kò kó wọlé. Ohun tó tún yani lẹ́nu ni pé Farouk Lawan, aṣòfin tó darí ìwádìí náà, ni ilé ẹjọ́ wá rán sí ẹ̀wọ̀n ní 2021 nítorí rìbá tí ó gbà nídìí ìwádìí yẹn kan náà. Ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn dín in kù sí ọdún 5, ilé ẹjọ́ tó ga jù sì fọwọ́ sí i ní 2024. Nítorí náà, ọwọ́ òfin a máa tó ẹni ńlá. Ṣùgbọ́n èrò tèmi ni pé ó máa ń pẹ́ kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wọn, àti pé olówó lè san agbẹjọ́rò fún ọdún 9. Oníkẹ́ẹ̀gì kò lè san ti ọjọ́ 9. Ìdí nìyẹn tí ó fi yẹ kí àwa kékeré mọ òfin yìí ju àwọn ńlá lọ.

Nígbà tí epo bá kọjá bodè, òfin ti Nàìjíríà kù lẹ́yìn, tiwa gbà á. Ohun tí a bá kó wọlé láìgba ọ̀dọ̀ aṣọ́bodè, tí a kò san owó ibodè rẹ̀, fàyàwọ́ ni. Wọn yóò gba ọjà. Wọn yóò gba ohun tó gbé e, ìbáà jẹ́ alùpùpù, ọkọ̀ ojú omi tàbí mọ́tò. Owó ìtanràn wà lórí rẹ̀, a sì máa ń ṣírò rẹ̀ mọ́ iye ọjà náà. Ẹ̀wọ̀n sì wà níbẹ̀.

Ohun kan wà nínú òfin ibodè wa tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò mọ̀. Mo fẹ́ kí ẹ fi ìlà sábẹ́ rẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá bá ọjà fàyàwọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ni òfin kà sí ẹni tó ṣe é. Kì í ṣe aṣọ́bodè ni yóò máa wá ẹ̀rí kiri pé ìwọ ni o ni ín. Ìwọ ni yóò máa wá ẹ̀rí pé ìwọ kọ́. Ẹ jẹ́ kí n là á yé yín. Àbúrò ọkọ ìyá kan dé ní òru. Ó ní: “Ìyàwó wa, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi fi kẹ́ẹ̀gì 12 yìí sí ilé ìdáná, ẹ̀là ni n ó wá kó o.” Ìyá náà kò lè sọ pé rárá, nítorí àna ni. Kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Aṣọ́bodè dé ní àárọ̀. Ta ni wọ́n bá kẹ́ẹ̀gì lọ́wọ́ rẹ̀? Àwọn àgbà wa ti rí èyí kí àwọn òyìnbó tó kọ òfin wọn, nígbà tí wọ́n sọ pé ẹni tó gbé epo lájà kò jalè bí ẹni tó gbà á sílẹ̀ fún un.

Mo tún fẹ́ sọ pé kì í ṣe aṣọ́bodè nìkan ni ó yẹ kí a bẹ̀rù níbi kẹ́ẹ̀gì tó wà nínú ilé. Ní ọjọ́ 23 oṣù kẹsàn-án ọdún 2023, iná sọ ní ibi ìkó-epo-fàyàwọ́-sí kan ní Sèmè, lẹ́bàá bodè. Ó kéré tán ènìyàn 34 ni ó kú níbẹ̀, ọmọ ọwọ́ wà nínú wọn. Agbẹjọ́rò ìjọba sọ pé ó jọ pé nígbà tí wọ́n ń já àpò epo ni iná náà ràn. Ọ̀pọ̀ jóná kọjá ohun tí a lè dá mọ̀. Ẹ wo oṣù náà dáadáa: epo ti gbówó lórí nígbà yẹn, owó ìrànwọ́ ti kásẹ̀ nílẹ̀, síbẹ̀ iṣẹ́ náà kò tíì dúró.

Ní ọjọ́ 29 oṣù karùn-ún ọdún 2023, ọjọ́ tí Bọ́lá Tinúbú gba ìjọba Nàìjíríà, ó kéde pé kò sí owó ìrànwọ́ orí epo mọ́. Láàárín ọjọ́ méjì, lítà epo tí wọ́n ń tà ní nǹkan bí 185 náírà di 488 ní ilé epo ìjọba ní Èkó. Níhìn-ín ní Kútọnù, kpayo gbéra kọjá 600 faransi, àwọn ọlọ́kadà tí kì í lọ sí ilé epo tẹ́lẹ̀ wá ń tò níbẹ̀.

Ẹnì kan lè wí pé: “Bí owó ìrànwọ́ bá ti tán, ọ̀rọ̀ yín náà tán nìyẹn.” Kò tán. Òfin ìwé àṣẹ ṣì wà, ti ibodè ṣì wà. Yàtọ̀ sí èyí, epo kì í ṣe ọjà ẹ̀dínwó kan ṣoṣo. Èyí tó kan ẹ̀yin àgbẹ̀ jù ni ajílẹ̀.

Ní Nàìjíríà, fún ọdún púpọ̀, ìjọba ló ń ra ajílẹ̀ tó sì ń pín in ní ẹ̀dínwó. Akínwùmí Adésínà, tó jẹ́ mínísítà ètò ọ̀gbìn láti 2011 sí 2015, máa ń sọ pé nínú àgbẹ̀ 100, bí 11 péré ni ajílẹ̀ náà ń dé ọwọ́ wọn. Níbo ni ìyókù gbà? Àwọn tó ń pín in ló ń tà á. Ó ń dé ọjà, ó ń kọjá bodè, àpò tí wọ́n kọ orúkọ ìjọba sí lára. Ní 2012 ni wọ́n yí ètò náà padà. Nígbà náà, wọ́n ń fi iṣẹ́ ránṣẹ́ sí fóònù àgbẹ̀ fúnra rẹ̀, kí ó lọ gba àpò rẹ̀ lọ́wọ́ ọlọ́jà ní ìdajì owó. Ó dára. Ṣùgbọ́n àgbẹ̀ tí kò lè ka iṣẹ́ orí fóònù ní láti gbé e fún ẹlòmíràn kà. Ẹni tó bá ọ kà á ti mọ̀ pé àpò rẹ ti dé, ìwọ lè má tíì mọ̀.

Níhìn-ín ní Benin, àwọn tó ń gbin òwú mọ bí ó ti ń lọ. Ẹgbẹ́ abúlé gba ajílẹ̀ ní àwìn, a ó yọ owó rẹ̀ nínú owó òwú lẹ́yìn ìkórè. Ó máa ń dé ní ìgbà tí oúnjẹ ti ń tán nínú àká, tí ọmọ ń ṣàìsàn. Oníṣòwò kan á wá ní ìrọ̀lẹ́, owó á wà lọ́wọ́ rẹ̀, á sọ iye tó kéré. Àgbẹ̀ á ta àpò 3 nínú 5 rẹ̀. Mi ò ní bú ẹni tí ebi ń pa. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó tẹ̀lé e. Òwú kò so dáadáa, nítorí ajílẹ̀ kò tó. Gbèsè àpò 5 ṣì dúró ṣinṣin. Bí ó bá jẹ́ pé ẹgbẹ́ lápapọ̀ ni ó dúró fún gbèsè náà, bí ó ti máa ń rí ní ọ̀pọ̀ ibi, aládùúgbò tí kò ta àpò kankan ni yóò bá a san. Bí ó bá sì jẹ́ akọ̀wé ẹgbẹ́ tàbí olùtọ́jú ilé ìkẹ́rù ni ó tà á, ọ̀rọ̀ ti di ti ilé ẹjọ́. Ìwé òfin wa kà á sí ẹ̀ṣẹ̀ kí a fi ohun tí wọ́n fi síkàwọ́ ẹni ṣe ohun mìíràn. Ẹ̀wọ̀n àti owó ìtanràn ni ó ń fà. Láti 2018 ni ilé ẹjọ́ pàtàkì kan sì ti wà ní Àjàṣẹ́ fún àwọn ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀rọ̀ ajé. CRIET ni orúkọ rẹ̀. Kì í ṣe ibi tí a ń fi ẹmu àti obì bẹ ẹjọ́.

Ìrẹsì náà wà níbẹ̀. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2024, ìjọba Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ sí í ta àpò ìrẹsì ní 40,000 náírà, nígbà tí iye rẹ̀ ní ọjà fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n ní àpò 1 fún ẹnì 1. Olúkúlùkù ní láti mú nọ́ńbà ìdánimọ̀ rẹ̀ wá, kí ẹnì kan má bàa rà lẹ́ẹ̀mejì. Ẹni tí kò ní nọ́ńbà kò ní ìrẹsì. Ẹni tó yá ẹlòmíràn ní nọ́ńbà rẹ̀ ti fi orúkọ ara rẹ̀ ra ìrẹsì tí kò ní jẹ. Bí wọ́n bá bá àpò náà ní ibi tí kò yẹ kí ó wà, orúkọ ta ni yóò jáde?

Kí ẹ má bàa rò pé mo ń sọ pé gbogbo òfin ọjà ni ó tọ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn kan tí àwọn ìyá àgbà Èkó mọ̀. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, láti 1941, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi iye lé oúnjẹ ní Èkó. Òyìnbó kan tí ń jẹ́ Kápútẹ́nì Pullen ni wọ́n fi ṣe é. Wọ́n fi iye lé gàrí, ṣùgbọ́n iye náà kéré ju ohun tí ó ń ná àwọn ìyá láti rà á lóko kí wọ́n sì gbé e wá. Ẹni tó bá tà jù ú lọ, kóòtù. Kí ni ó ṣẹlẹ̀? Gàrí pòórá lórí àtẹ, ó ń tà lábẹ́lẹ̀ ní owó tó ga ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Alímọ́tù Pẹlẹ́wúrà, olórí àwọn ìyá ọlọ́jà Èkó, kọ̀ jálẹ̀. Ó kó àwọn obìnrin lẹ́yìn, wọ́n bá ìjọba fà á. Ní 1945 ìjọba jáwọ́.

Ẹ wo ìyàtọ̀ rẹ̀ sí kẹ́ẹ̀gì epo. Ní ti gàrí Pullen, ìjọba kò san ìyàtọ̀ owó náà. Àwọn ìyá ni wọ́n fẹ́ kí ó san án láti inú àpò wọn. Ní ti epo Nàìjíríà, ní ti ajílẹ̀, ìlú ti san ìyàtọ̀ náà kí ọjà tó dé. Nítorí náà, bí ẹ bá gbọ́ pé òfin kan wà lórí iye ọjà, ìbéèrè tí mo fẹ́ kí ẹ máa kọ́kọ́ bi ni pé: ta ni ó san ẹ̀dínwó náà, ta sì ni wọ́n san án fún?

Ìdáhùn ìbéèrè yìí máa ń wà nínú ìwé. Ìwé tí ó máa ń bá irú ọjà bẹ́ẹ̀ rìn kì í gùn. Orúkọ ọjà wà níbẹ̀. Iye àpò wà níbẹ̀, orúkọ ẹni tí a gbé e fún, ọjọ́ tí a gbé e, àti àyè tí a ó fọwọ́ sí. Ibi iye àpò ni kí ojú yín kọ́kọ́ lọ. Bí wọ́n bá gbé àpò 20 kalẹ̀, tí ìwé sì wí pé 30, tí ẹ wá fọwọ́ sí i, 10 tí kò dé ti di ohun tí ẹ gbà. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá rí 10 náà ní ọjà, ìwé yín ni wọn yóò gbé jáde. Ẹ kà ọjà lójú ara yín. Bí kò bá pé, ẹ kọ 20 sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kí ẹ tó fọwọ́ sí i, kí ẹni tó gbé e wá náà fọwọ́ sí i. Ẹ gba ẹ̀dà kan sílé. Bí ẹni tó gbé e wá bá ń kánjú, tí ó ń sọ pé “Ẹ ṣáà tẹ ìka sí i, ọkọ̀ ń dúró,” ẹ jẹ́ kí ọkọ̀ dúró.

Ẹ̀yin tí ilé yín wà lẹ́bàá ọ̀nà bodè, bí ẹbí bá gbé ẹrù wá ní òru, ẹ bi í léèrè ohun tó wà nínú rẹ̀ àti ìwé rẹ̀. Mo mọ̀ pé ó le láti bi àna ẹni bẹ́ẹ̀. Ẹ lè sọ pé olùkọ́ yín ló ní kí ẹ máa bi í. Ẹ gbé ẹ̀bi rẹ̀ rù mí.

Fún kíláàsì tó ń bọ̀, kí olúkúlùkù mú ìwé kan wá tí ó ti tẹ ìka sí rí kí ó tó mọ̀wé: ìwé ajílẹ̀, ìwé gbèsè, ìwé ilẹ̀, èyíkéyìí tó bá wà nínú àpótí. A ó wá orúkọ yín nínú rẹ̀, a ó wá iye, a ó wá ọjọ́. Lẹ́yìn náà ni a ó ka ohun tí wọ́n kọ sí òkè ìka yín.